Ọ̀dà páànù kọ́ ni ìṣòro rẹ, pákó abẹ́ iṣẹ́ náà ni

Àbúrò, o ní o ń mọ àwòṣe kékeré agbo ilé àtijọ́ kan ní Iléṣà, ní ìwọ̀n 1:24 (íǹṣì kan dúró fún ẹsẹ̀ bàtà méjì), o wá ń béèrè ọ̀dà tí páànù rẹ̀ á fi dà bí èyí tó ti dípẹtà. Mo máa dé ibẹ̀. Ṣùgbọ́n nínú fọ́tò tó o fi síbí, ilẹ̀ àgbàlá ti ń sán, etí pákó puláíwúùdù tó o mọ ọ́n lé sì ti gbé sókè.

Káfíńtà á ní puláíwúùdù kì í ká. Irọ́ ni! Tó o bá da amọ̀ tútù sójú kan, ojú yẹn á mumi, á wú; tí amọ̀ bá ń gbẹ, á súnkì, á sì fa pákó tẹ̀. Tó bá ti ká, o lè gbé búlọ́ọ̀kù lé e fún ọ̀sẹ̀ kan, ọjọ́ tó o bá gbé e kúrò ló máa padà dìde. Ó ti fojú mi rí màbo. Lo èyí tó nípọn ìdajì íǹṣì, kan igi íǹṣì 2 sí 1 yí ìsàlẹ̀ rẹ̀ ká, kí o kun ọ̀dà elépo lẹ́ẹ̀mejì, ojú méjèèjì àti etí. Etí làwọn èèyàn máa ń gbàgbé, ibẹ̀ gan-an lomi sì ń gbà wọlé.

Amọ̀ ilẹ̀ àgbàlá: yẹ̀pẹ̀ pupa ife 3, lẹ́búlẹ́bú igi ife 1. Fi ìbọ̀sẹ̀ obìnrin jọ̀ ọ́, kí o yan yẹ̀pẹ̀ náà nínú agbada, torí ẹyin èèrà. Top bond (gọ́ọ̀mù funfun àwọn káfíńtà) ìdá kan sí omi ìdá méjì ni kó o fi pò ó. Má jẹ́ kó nípọn ju mìlímítà 5 lọ lẹ́ẹ̀kan, abẹ́ ibòòji ni kó ti gbẹ. Tó bá jẹ́ ìgbà ọyẹ́, fi náílọ́ọ̀nù bò ó láì dì í: tójú òkè bá ṣáájú inú gbẹ, á sán ni. Àwọn ọ̀gá ibi ìpàtẹ tó máa ń ní ká gbé iṣẹ́ síwájú fèrèsé "kó lè rí ìmọ́lẹ̀", má dá wọn lóhùn.

Èyí tó ti sán, má bu omi sí i. Kán Top bond tó ṣàn pẹ̀lú ẹ̀kán ọṣẹ ìfọbọ́ kan sínú ibi tó sán, da yẹ̀pẹ̀ gbígbẹ kan náà lé e, fi ẹ̀yìn ṣíbí tẹ̀ ẹ́.

Tó o bá sì fẹ́ tẹ́ àpáàdì bíi ti Ifẹ̀ àtijọ́, ẹ jọ̀ọ́, ẹ yéé tẹ́ ẹ pẹlẹbẹ bíi táìsì. Ìdúró lórí etí ni wọ́n ń tò ó.

Páànù: lẹ igi sùyà mọ́ra lórí pátákó, gé abọ́ fọ́ìlì tí wọ́n fi ń di oúnjẹ ní 10 sí 3 sẹ̀ǹtímítà, fi ìdí báírò tẹ̀ ẹ́ sáàárín àwọn igi náà. Fi sáńpépà wẹ́wẹ́ ha á, fín púráímà (ọ̀dà àkọ́kọ́) sí i, àìjẹ́bẹ́ẹ̀ gbogbo ọ̀dà á bó. Òde ni kó o ti fín in. Tí púráímà náà bá kan fóòmù funfun inú páálí tẹlifíṣọ̀n, á jẹ ẹ́ di ihò. Lẹ́yìn náà, fi fóòmù ìfọbọ́ tẹ ọ̀dà buráùn àti ti ọsàn díẹ̀díẹ̀ síbi ìṣó àti ibi tí páànù ti gorí ara wọn, torí ibẹ̀ lomi ń dúró sí. Fọ́n yẹ̀pẹ̀ pupa lé e kó tó gbẹ. Fi ọ̀kan tàbí méjì sílẹ̀ kó máa dán. Àwọn onílé kì í pààrọ̀ páànù tán lẹ́ẹ̀kan.