Kí ni yúróbìlínójìn tí wọ́n kọ sí ìwé àyẹ̀wò ọmọ mi?

ÌBÉÈRÈ: Bàbá, okun o. Ìsánlú ni mo ti ń kọ̀wé. Ọmọ mi ọkùnrin, ọmọ ọdún 17, ti iléèwé dé pẹ̀lú ibà. Wọ́n ti fún un ní oògùn níbẹ̀, ibà náà sì lọ, ṣùgbọ́n lẹ́yìn ọjọ́ díẹ̀ funfun ojú rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í pọ́n rúsúrúsú. A gbé e lọ sí ọsibítù ní Kàbà. Lórí ìwé tí wọ́n fún wa ní lábù, wọ́n kọ “Urobilinogen ++”, wọ́n sì kọ “Bilirubin: Negative” sí abẹ́ rẹ̀. Wọ́n ní kí á padà wá rí dókítà. Ẹni tó ń ta oògùn ní àdúgbò wa ló ka ìwé náà fún mi. Ó ní orúkọ àrùn tó ń jẹ ẹ̀dọ̀ ni urobilinogen, pé kí ọmọ má fẹnu kan epo pupa mọ́, ó sì ta ìgò àgbo kan fún wa pé yóò fọ ẹ̀dọ̀ rẹ̀. Ẹ jọ̀ọ́, kí ni nǹkan yìí? Ibo ló wà nínú ara? Ṣé ó ń pani ni?
— Ìyá ọlọ́mọ mẹ́ta, Ìsánlú

ÈSÌ: Okun o, àbúrò mi. Apá tó kánjú nínú èsì yìí, mo ti fi ohùn rẹ̀ ránṣẹ́ sí fóònù yín kí wọ́n tó tẹ ìwé ìròyìn yìí. Ìyókù ni mo kọ síbí, torí kì í ṣe ẹ̀yin nìkan lẹ ti fi ìwé lábù há abíyá wá bi mí ní ọ̀rọ̀ yìí. Láti ìgbà tí mo ti fẹ̀yìn tì kúrò nídìí iṣẹ́ lábù, ẹni tó bá fẹ́ kí n ka ìwé fún òun mọ ọ̀nà ilé mi ní Kàbà.

Yúróbìlínójìn kì í ṣe àrùn. Ó wà nínú ìtọ̀ yín, ó wà nínú ìtọ̀ mi, ó wà nínú ìtọ̀ ẹni tó ta àgbo fún yín pẹ̀lú. Ohun tí dókítà ń wò ni bó ṣe pọ̀ tó, àti ohun tí wọ́n kọ síwájú bìlìrúbìn lórí ìwé kan náà. Ẹni tó bá ka ọ̀kan láìka èkejì kò tíì ka nǹkan kan.

Ẹ bi mí pé ibo ló wà. Ẹ jẹ́ ká bẹ̀rẹ̀ láti inú ẹ̀jẹ̀. Hóró ẹ̀jẹ̀ pupa kọ̀ọ̀kan máa ń lo nǹkan bí 120 ọjọ́ láyé. Bó bá gbó, ara a tú u palẹ̀, pàápàá nínú ẹ̀yà ara tí wọ́n ń pè ní spleen, tó fara sin sábẹ́ ìhà òsì. Irin inú rẹ̀, ara a kó o pamọ́ láti fi ṣe ẹ̀jẹ̀ mìíràn. Àwọ̀ rẹ̀ ni kò wúlò mọ́. Ara a kọ́kọ́ sọ àwọ̀ náà di èròjà aláwọ̀ ewé kan, biliverdin, lẹ́yìn náà ló wá di bìlìrúbìn, tó pọ́n rúsúrúsú. Bí awọ ẹni bá mọ́lẹ̀ díẹ̀, tó sì fi ojúgun gbá igi, yóò rí i pé ojú ibẹ̀ a kọ́kọ́ dúdú, a di àwọ̀ ewé, a wá pọ́n kó tó lọ. Iṣẹ́ kan náà ni.

Bìlìrúbìn tó ṣẹ̀ṣẹ̀ jáde yìí kì í yọ́ nínú omi. Prótéènì kan tó ń jẹ́ albumin ló ń gbé e rìn nínú ẹ̀jẹ̀, kíndìnrín kò sì lè sẹ́ ẹ sínú ìtọ̀ níwọ̀n ìgbà tó bá ṣì wà lẹ́yìn albumin. Ẹ fi ìyẹn sọ́kàn, torí òun ló máa tú ọ̀rọ̀ ọmọ yín. Bó bá dé ẹ̀dọ̀, ẹ̀dọ̀ a so ó pọ̀ mọ́ èròjà kan tó jẹ́ ìbátan ṣúgà. Ìgbà náà ló tó lè yọ́, tó di ara òróǹro. Òróǹro a gba ọ̀pá tóóró kan bọ́ sínú ìfun, nígbà tó bá sì ń sún mọ́ ìfun ńlá, àwọn bakitéríà tó ń gbé ibẹ̀ a gbà á, wọ́n a sọ ọ́ di yúróbìlínójìn. Ibẹ̀ ni wọ́n ti ń bí i, àbúrò mi, nínú ìfun. Kì í ṣe ẹ̀dọ̀.

Kò ní àwọ̀ kankan nígbà tí wọ́n bí i. Èyí tó pọ̀ jù a bá ìgbẹ́ lọ, ohun tó sì dà lọ́hùn-ún, stercobilin, ló ń fún ìgbẹ́ ní àwọ̀ tí gbogbo wa mọ̀. Díẹ̀ a padà wọ inú ẹ̀jẹ̀, ẹ̀dọ̀ a sì tún gbá púpọ̀ nínú díẹ̀ yẹn mú. Ìwọ̀nba tó bá bọ́ lọ́wọ́ ẹ̀dọ̀ ló ń gba kíndìnrín jáde sínú ìtọ̀, níbi tí atẹ́gùn ti ń sọ ọ́ di yúróbílìn, àwọ̀ tí ìtọ̀ ń ní. Orúkọ gígùn tó bà yín lẹ́rù kò ju ìyẹn lọ: “uro” ni ìtọ̀, “bili” ni òróǹro, “gen” ni ohun tó ń bí nǹkan. Àwọn strip mìíràn, ìyẹn ọ̀pá pẹlẹbẹ tí a ń tì bọ inú ìtọ̀ láti fi yẹ̀ ẹ́ wò, a gé e kúrú sí UBG tàbí URO, kí ẹ má baà rò pé àyẹ̀wò mìíràn ni.

Ọ̀kan tó pa mí lẹ́rìn-ín rèé. Gbogbo ọdún tí mo fi ń ti strip bọ inú ìtọ̀ àwọn ènìyàn, kò sí ẹnikẹ́ni láyé tó mọ èròjà tí bakitéríà ń lò fún iṣẹ́ yìí. Oṣù kìíní ọdún 2024 ni àwọn olùwádìí ní Yunifásítì Maryland àti NIH, iléeṣẹ́ ìwádìí ìlera ti ìjọba, ní Amẹ́ríkà tó gbé e jáde, tí wọ́n pè é ní bilirubin reductase. Wọ́n sì rí i pé púpọ̀ nínú àwọn ọmọ ọwọ́ ni kò tíì ní in nínú ìfun wọn ní oṣù mélòó kan àkọ́kọ́. Mo ti fẹ̀yìn tì kí ìdáhùn tó dé.

Ó yá, ọmọ yín. Yúróbìlínójìn rẹ̀ ga, bìlìrúbìn kò sí nínú ìtọ̀ rẹ̀, síbẹ̀ ojú rẹ̀ pọ́n. Ó jọ pé ìwé ń purọ́, àbí? Kò purọ́. Bí hóró ẹ̀jẹ̀ bá ń fọ́ ju bó ṣe yẹ lọ, bìlìrúbìn tó ń jáde a pọ̀ ju ohun tí ẹ̀dọ̀ lè so pọ̀ lọ. Èyí tó ń dúró de ẹ̀dọ̀ a máa rìn kiri lẹ́yìn albumin. Ó lè pọ́n ojú, ṣùgbọ́n kò lè dé inú ìtọ̀. Ìyẹn ni “Negative”. Èyí tí ẹ̀dọ̀ rí so pọ̀, tí òun náà ti pọ̀ ju ti tẹ́lẹ̀, a dé ìfun, bakitéríà a sì fi ṣe yúróbìlínójìn rẹpẹtẹ. Ìyẹn ni “++”. Ẹ̀jẹ̀ ni irú ìwé bẹ́ẹ̀ kọ́kọ́ ń tọ́ka sí. Bó bá jẹ́ pé ẹ̀dọ̀ fúnra rẹ̀ ló ń ṣàìsàn, bí ìgbà tí kòkòrò hẹpatáítìsì bá wọ̀ ọ́, àwọn méjèèjì ló sábà máa ń ga pọ̀. Nítorí náà, ìwé tí ẹni yẹn fi ta àgbo ẹ̀dọ̀ fún yín kò ti ọ̀rọ̀ rẹ̀ lẹ́yìn.

Kí ló lè máa fọ́ ẹ̀jẹ̀? Ibà tí ẹ̀fọn ń gbé kiri lè ṣe é, òun náà ló sì wọ́pọ̀ jù ní ìhà wa. Àrùn fòníkú-fọ̀ladìde lè ṣe é, torí hóró ẹ̀jẹ̀ ẹni tó jẹ́ SS kì í ju ọjọ́ 10 sí 20 lọ kó tó fọ́. Ìkẹta ni èyí tí mo fẹ́ kí ẹ béèrè gidigidi: G6PD. Èròjà tó ń dáàbò bo hóró ẹ̀jẹ̀ ni. Àwọn kan wà tí tiwọn kò tó láti inú ìyá wọn wá, àwọn ọkùnrin ló sì pọ̀ jù nínú wọn. Ara wọn le koko títí di ọjọ́ tí wọ́n bá lo oògùn tí kò bá wọn mu. Primaquine tí wọ́n fi ń tọ́jú ibà wà lára wọn. Ìdí nìyẹn tí mo fi ní kí ẹ pe iléèwé, kí wọ́n ka orúkọ oògùn tí wọ́n fún ọmọ náà fún yín, kí ẹ kọ ọ́ sílẹ̀ fún dókítà. “Wọ́n fún un ní oògùn ibà” kò tó. Káńfọ̀ tí àwọn ìyá ń kó sáàárín aṣọ ọmọ tuntun, ewu kan náà ló jẹ́ fún ọmọ tí G6PD rẹ̀ kò tó. Mo ti sọ ọ́ sọ ọ́ níbi ìsọmọlórúkọ, wọ́n ṣì ń kó o síbẹ̀.

Bí ẹ bá dé ọ̀dọ̀ dókítà, ẹ béèrè PCV ọmọ yín, ìyẹn ìwọ̀n hóró pupa tó wà nínú ẹ̀jẹ̀ rẹ̀, àyẹ̀wò ibà, genotype bí ẹ kò bá tíì mọ̀ ọ́n, àti G6PD. Dókítà lè sọ pé G6PD ṣì di ọ̀sẹ̀ mélòó kan sí i. Kò fi yín ṣeré: àwọn hóró tó ti fọ́ ni èyí tí G6PD inú wọn kéré jù, àwọn tó ṣẹ́kù lè mú kí àyẹ̀wò dà bíi pé kò sí nǹkan. Ṣùgbọ́n bí ìtọ̀ rẹ̀ bá di àwọ̀ Coke, bí àtẹ́lẹwọ́ rẹ̀ bá funfun, bó bá ń mí hẹlẹ tàbí oorun rẹ̀ kò jọ ti ẹ̀dá, ẹ má dúró de ọjọ́ tí wọ́n dá fún yín. Kódà bó jẹ́ òru, ẹ gbé e lọ. Ohun tí mo fi ohùn sọ fún yín nìyẹn.

Epo pupa kò mọ nǹkan kan nípa rẹ̀. Kí ọmọ máa jẹ ọbẹ̀ rẹ̀. Ìgò àgbo ni kí ẹ gbé sílẹ̀. Ẹ kò mọ ohun tó wà nínú rẹ̀, ẹni tó tà á lè má mọ̀ pẹ̀lú, ẹ̀dọ̀ tó ń ṣiṣẹ́ àṣekún lọ́wọ́ kò sì nílò àlejò.

Mo fẹ́ sọ̀rọ̀ díẹ̀ nípa ìtọ̀ fúnra rẹ̀, torí ibẹ̀ ni èsì ti máa ń dàrú jù. Paul Ehrlich, dókítà ará Jámánì, ló fi omi aláwọ̀ kan lélẹ̀ ní 1901, tó ń pọ́n bó bá pàdé yúróbìlínójìn. Àwọn strip òní, púpọ̀ nínú wọn orí rẹ̀ ni wọ́n dúró lé. Ṣùgbọ́n ìmọ́lẹ̀ ń ba yúróbìlínójìn jẹ́. Nígbà tí mo wà lẹ́nu iṣẹ́, àwọn ènìyàn a máa gbé ìtọ̀ àárọ̀ láti apá Bùnú wá nínú ike omi, lórí ọ̀kadà, nínú oòrùn, pẹ̀lú ọ̀nà wa tí ẹ mọ̀. Kó tó dé orí tábìlì, èyí tó yẹ kí strip rí ti di yúróbílìn, strip a sì kọ iye tó kéré. Lábù ni kí ẹ ti tọ̀ ọ́, kí wọ́n yẹ̀ ẹ́ wò lójú ẹsẹ̀. Ọ̀sán, láàárín aago méjì sí mẹ́rin, ló sì máa ń pọ̀ jù nínú ìtọ̀. Àwọn oògùn sulfa bíi Septrin lè da àwọ̀ strip rú, àwọn oògùn tó ń pa bakitéríà inú ìfun sì lè dín in kù, torí àwọn tó ń ṣe é ti kú. Ẹ sọ ohun tí ẹ ń lò fún ọmọ lábù kó tó bẹ̀rẹ̀.

Ẹ̀yin tí ẹ máa ń ka nọ́ńbà, 0.2 sí 1 ni iye tó dára bí wọ́n bá fi mg/dL wọ̀n ọ́n. Àwọn strip mìíràn ń lo µmol/L, 1 yẹn a wá di 16 tàbí 17. Ẹ má torí ìyẹn fi igbe ta.

“Normal” náà lè tanni jẹ. Àgbẹ̀ kan láti apá Ògìdì wá bá mi nígbà kan. Ara ń yún un lóru débi tó ń fi ògiri họ ẹ̀yìn. Bìlìrúbìn inú ìtọ̀ rẹ̀ ga, ṣùgbọ́n “Urobilinogen: Normal” ni ó ń fi ìka tẹ̀ léralera. Mo bi í léèrè àwọ̀ ìgbẹ́ rẹ̀. Ó bínú, àgbàlagbà wo ni wọ́n ń bi nírú ìbéèrè bẹ́ẹ̀ lójú ìyàwó? Ìyàwó náà ló dáhùn pé ó funfun bí ẹfun. Mo ní kí wọ́n lọ ya àwòrán inú rẹ̀ ní Ìlọrin. Òkúta ló dí ọ̀pá òróǹro. Nǹkan tó ṣẹlẹ̀ ni pé òróǹro kò dé ìfun, bakitéríà kò rí ohun tí wọ́n á fi ṣe yúróbìlínójìn, ìgbẹ́ kò sì rí àwọ̀ gbà. Kò sí yúróbìlínójìn lára rẹ̀ tó yẹ ká sọ. Ṣùgbọ́n àwọ̀ tó kéré jù lára ìgò strip ni 0.2, òdo pàápàá ibẹ̀ náà ni yóò bọ́ sí, wọ́n a sì kọ “Normal” síwájú rẹ̀. Strip mọ ìgbà tó bá pọ̀. Kò mọ ìgbà tí kò bá sí.

ÌBÉÈRÈ: Ẹ káàsán, Bàbá. Ọmọ iléèwé ni mí ní Kàbà. Láti ìgbà tí mo ti ń lo B-complex, ìtọ̀ mi ń dán, ó yẹ́lò gan-an. Ṣé yúróbìlínójìn mi ti pọ̀ jù ni?
— Ọmọ iléèwé, Kàbà

ÈSÌ: Rárá, ọmọ mi. Fítámì B2 inú oògùn náà ni, èyí tí wọ́n ń pè ní riboflavin. Òun fúnra rẹ̀ yẹ́lò, ohun tí ara rẹ kò bá sì lò nínú rẹ̀, ìtọ̀ ló ń bá lọ. Dá oògùn náà dúró fún ọjọ́ méjì kí o wò ó bóyá yóò padà sí bó ṣe wà. Bí kò bá padà, tàbí tí funfun ojú rẹ pẹ̀lú bá pọ́n, ọ̀rọ̀ ti yàtọ̀: lọ sí ọsibítù, kí o sì mú sáṣẹ́ẹ̀tì oògùn náà dání.