Ìwé tí ọmọ mi fọwọ́ sí, àti ọ̀rọ̀ Nii Lamptey

Ìbéèrè

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin àgbà. Ìlú London ni èmi àti ọkọ mi ń gbé. Ọmọ Ìjẹ̀bú ni mí, ọmọ Kùmásì ní Gánà sì ni ọkọ mi. Ọmọ wa ọkùnrin ti pé ọdún 14, ó sì ń kọ́ bọ́ọ̀lù lọ́dọ̀ ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù kan níbí. Ọkùnrin kan tó pe ara rẹ̀ ní aṣojú agbábọ́ọ̀lù fẹ́ kí ọmọ náà fọwọ́ sí ìwé lọ́dọ̀ òun, kí a sì fi í ránṣẹ́ sí Accra fún ọdún kan kí ara rẹ̀ lè le. Ó ní òun ń bọ̀ nílé wa ní Sátidé tó ń bọ̀. Ọkọ mi fàáké kọ́rí, bí a bá sì ti dá ọ̀rọ̀ náà sílẹ̀, orúkọ Nii Lamptey, agbábọ́ọ̀lù Gánà àtijọ́ kan, ni yóò dá. Ohun tí mo rí kà nípa ọkùnrin yẹn ni pé àìmọ̀wé rẹ̀ ni wọ́n fi rẹ́ ẹ jẹ. Ọmọ tiwa mọ̀wé dáadáa. Ṣé ìbẹ̀rù ọkọ mi kò ti pọ̀ jù báyìí?

Ìdáhùn

Ẹ kú àmójútó ọmọ, ìyá wa, ẹ sì kú ìfaradà òtútù. Ìlú Coventry ni èmi ń gbé, níbi tí Nii Lamptey ti gbá bọ́ọ̀lù fún sáà kan láàárín ọdún 1995 sí 1996. Bàbá òyìnbó kan tí a jọ ń ṣiṣẹ́ ṣì máa ń bi mí léèrè ibi tí ọmọ náà wọlé sí, àfi bí ẹni pé gbogbo àwa aláwọ̀ dúdú ni a mọ ilé ara wa. Ẹ̀yìn ọkọ yín ni mo wà nínú ọ̀rọ̀ yìí. Ohun tí ẹ kà kì í ṣe irọ́, ṣùgbọ́n kò tó láti fi ọkàn balẹ̀, nítorí pé ọmọ tèmi náà mọ̀wé.

Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ to ọ̀rọ̀ Lamptey bí mo ti mọ̀ ọ́n. Ọdún 1974 ni wọ́n bí i, ilé tí wọ́n bí i sí kò sì rọgbọ fún un, nítorí pé bàbá rẹ̀ a máa mutí, a sì máa nà án nínà ìkà. Bọ́ọ̀lù ni ọmọ náà sá lọ bá, ó fi ilé sílẹ̀ lọ sọ́dọ̀ ẹgbẹ́ Cornerstones ní Kùmásì, ilé ẹ̀kọ́ sì di ohun tí a fi sẹ́yìn. Nígbà tó di nǹkan bí ọdún 1990, tí ó ń wá ọ̀nà dé Yúróòpù, ọ̀dọ̀ Stephen Keshi tiwa ni ó forí lé, nítorí pé Anderlecht ní Bẹ́ljíọ̀m ni Keshi ń gbá bọ́ọ̀lù fún nígbà náà. Ọmọdé náà yọ́ jáde ní Gánà, ó gba Tógò àti Benin kọjá nínú ọkọ̀ èrò, àwọn awakọ̀ ń bá a fi ara pamọ́ ní ẹnubodè, títí ó fi dé ilé Keshi ní Èkó. Ìwé ìrìnnà tí wọ́n fi mú un dé Bẹ́ljíọ̀m, orúkọ ọmọ Keshi ni wọ́n kọ sínú rẹ̀. Ẹ̀yin náà mọ ẹnubodè Sẹ̀mẹ̀ àti ohun tí ojú àgbàlagbà máa ń rí níbẹ̀, kí ẹ tó wá sọ ti ọmọ ọdún 15.

Ẹsẹ̀ rẹ̀ kò sì já ẹnikẹ́ni kulẹ̀. Ní ọdún 1991, nígbà tí Gánà fi góòlù 1 sí òdo lu Sípéènì ní Ítálì tí wọ́n sì gba ife àgbáyé àwọn tí kò ju ọdún 17 lọ, Lamptey ni wọ́n fún ní àmì ẹ̀yẹ agbábọ́ọ̀lù tó pegedé jùlọ, nínú ìdíje tí Del Piero ti Ítálì àti Verón ti Ajẹntínà, àwọn tó wá di gbajúmọ̀ lẹ́yìn náà, wà. Ní ọdún 1992, ó bá wọn gba ipò kẹta ní ìdíje Olympics ní Barcelona. Ní ọdún 1993, Bràsíl nìkan ni ó dí wọn lọ́wọ́ ní Australia, ní ìdíje àwọn tí kò ju ọdún 20 lọ.

Ibi tí nǹkan ti wọ́ ni ìwé àdéhùn. Gẹ́gẹ́ bí Lamptey fúnra rẹ̀ ti sọ lẹ́yìn-ọ̀-rẹyìn, ó fọwọ́ sí ìwé fún aṣojú kan láìmọ ohun tó wà nínú rẹ̀, aṣojú náà sì ń tà á kiri bí ẹni ń ta ẹran ọ̀sìn, nígbà tí apá tó tóbi nínú owó tí àwọn ẹgbẹ́ ń san lé e lórí kò dé ọ̀dọ̀ rẹ̀. Ó ṣe dáadáa ní ẹgbẹ́ PSV ní Holland, wọ́n gbé e wá sí Aston Villa ní 1994, ó bọ́ sí Coventry níbí ní ọdún tó tẹ̀ lé e, lẹ́yìn èyí ni kò rí ìwé àṣẹ iṣẹ́ gbà mọ́ nílẹ̀ yìí nítorí pé ìdíje tí ó ti gbá fún Gánà kò tó iye tí òfin béèrè. Láti ibẹ̀ ni ó ti dé Venezia, ó dé Ajẹntínà níbi tí ọmọ rẹ̀ ọkùnrin kú sí, ó dé Tọ́kì, Pọ́túgà, Jámánì, Ṣáínà àti Dubai, kí ó tó padà sílé wá gbá bọ́ọ̀lù fún Asante Kotoko. Nígbà tí Gánà máa kọ́kọ́ lọ sí Ife Ẹ̀yẹ Àgbáyé ní Jámánì ní 2006, ẹni ọdún 31 ni, kò sì sí nínú àwọn tí wọ́n mú lọ.

Àwọn kan á ní ìrìn kíkiri ni ó bà á jẹ́. Èmi kò gbà bẹ́ẹ̀. Abedi Pele, agbábọ́ọ̀lù Gánà mìíràn, náà rìn kiri nígbà èwe rẹ̀: ó lọ sí Qatar, ó lọ sí Switzerland, ó wá gbá bọ́ọ̀lù fún Dragons ní Àjàṣẹ́ ní ilẹ̀ Benin, ó tún padà sí Tamale, síbẹ̀ òun ni ó wá di ọ̀gá ní Marseille tí wọ́n sì gba ife Yúróòpù ní 1993. Samuel Kuffour wà nínú ẹgbẹ́ ọdún 1991 kan náà pẹ̀lú Lamptey, òun náà kúrò nílé lọ sí Ítálì ní ọmọdé, ṣùgbọ́n ó rí ibi fìdí múlẹ̀ sí ní Bayern Munich, ó sì gba ife Yúróòpù ti 2001 níbẹ̀. Ẹni tó jókòó ti ọmọ nígbà tí wọ́n gbé ìwé síwájú rẹ̀ ni mo máa ń wò. Keshi ṣe ohun tí ẹ̀gbọ́n lè ṣe, ṣùgbọ́n òun náà ń wá oúnjẹ òòjọ́ tirẹ̀, kò sì lè wà níbi gbogbo tí wọ́n ti ń fa bírò yọ.

Èmi náà kò sí níbẹ̀. Ọmọ mi kejì ni mo ń wí. Ọmọ ọdún 15 ni nígbà náà, apá ọ̀tún ni ó máa ń gbá, eré rẹ̀ sì yá débi pé àwọn òbí ẹlòmíràn a máa béèrè orúkọ rẹ̀. Iṣẹ́ alẹ́ ni mo ń ṣe, ìyá rẹ̀ sì wà lẹ́nu iṣẹ́ ìtọ́jú àwọn arúgbó. Ní ìrọ̀lẹ́ Sátidé kan, bí mo ti ń jáde lọ bá bọ́ọ̀sì, ọkùnrin kan sọ̀ kalẹ̀ nínú ọkọ̀ ní iwájú ilé wa. Bí ó ti rí mi báyìí, ó dọ̀bálẹ̀ gbalaja lórí ilẹ̀ tútù, tòun ti kóòtù rẹ̀, ó ní, “Ẹ̀gbọ́n, ẹ kú ìrọ̀lẹ́, ẹ kú ọ̀nà iṣẹ́.” Ta ni ó ti dọ̀bálẹ̀ fún mi rí ní ìlú yìí? Ó ní ọmọ Ìbàdàn ni òun, pé òun ti ń wo ọmọ mi lórí pápá, pé bàtà ìgbábọ́ọ̀lù lásán ni òun mú wá fún un. Ọmọ náà dúró ní ẹnu ọ̀nà, ó ń wò wá. Èmi àti ọkùnrin náà sọ̀rọ̀ díẹ̀, a fi Ìbàdàn àti Abẹ́òkúta ṣe yẹ̀yẹ́ ara wa, a rẹ́rìn-ín, mo sì sáré tẹ̀ lé bọ́ọ̀sì mi.

Nígbà tí mo dé ní òwúrọ̀, páálí bàtà ti wà lórí tábìlì ilé ìdáná, bébà fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ tó wà nínú rẹ̀ ti fọ́n ká sílẹ̀, bírò kan tí kì í ṣe tiwa sì wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Ọmọ náà ní òun fọwọ́ sí ìwé pé òun ti gba bàtà. Mo ní ìwé ọ̀hún dà? Ó ní ọkùnrin náà ti mú un lọ. Mo ní ojú ewé mélòó ni? Ó ní bóyá mẹ́ta, pé èyí tó kẹ́yìn ni ó ṣí fún òun. Inú bí mi gidigidi, mo bi í bóyá gbogbo ìwé tí ó ń kà tí àwọn olùkọ́ ń yìn ín lé lórí, ẹ̀yìn nìkan ni ó máa ń ṣí kà. Ìdáhùn rẹ̀ ni ó ṣì ń gba oorun lójú mi. Ó ní òun rí i bí ọkùnrin náà ṣe na ara rẹ̀ sílẹ̀ fún mi, òun gbọ́ bí a ṣe ń sọ Yorùbá tí a sì ń rẹ́rìn-ín, òun rò pé àwa méjèèjì ti jọ parí ọ̀rọ̀ náà. Kò gbọ́ ẹyọ kan nínú ohun tí a sọ.

Mo mọ ohun tí ó máa wá sí ọkàn àwọn tó bá ka èyí, pé kí ló ṣe ọmọ Ẹ̀gbá tí kò gbọ́ Yorùbá. Ẹ má fi ojú yẹn wò mí. Sátidé tí àwọn ọmọ yòókù ń lọ kọ́ Yorùbá ní gbọ̀ngàn ṣọ́ọ̀ṣì wa ni ọjọ́ tí ẹgbẹ́ tirẹ̀ ń gbá bọ́ọ̀lù. Nígbà tó wà ní kékeré, olùkọ́ rẹ̀ ni ó ní kí a máa sọ Gẹ̀ẹ́sì nìkan sí i kí ó má bàa pẹ́ kí ó tó sọ̀rọ̀, a sì gbọ́ràn sí olùkọ́ lẹ́nu gẹ́gẹ́ bí wọ́n ti kọ́ wa nílé. Owó ilé kì í dúró de ẹnikẹ́ni, bí èmi bá sì ti jókòó sílé ní alẹ́ Sátidé, mi ò mọ ẹni tí ì bá san án. Màámi ní Abẹ́òkúta ṣì máa ń ní kí n gbé fóònù fún un, wọn á máa kì í lọ ràì, ọmọ á rẹ́rìn-ín, á sì dá fóònù padà fún mi. Mo ti ṣàlàyé fún wọn títí, wọn kì í dá mi lóhùn.

Lẹ́yìn nǹkan bí ọdún méjì, ẹgbẹ́ kan ní agbègbè wa níbí fẹ́ mú un fún ẹ̀kọ́ṣẹ́. A ti ń múra nígbà tí ọkùnrin yẹn kọ̀wé sí wọn pé òun ni aṣojú ọmọ náà, pé ìbuwọ́lù rẹ̀ wà lọ́wọ́ òun. Nígbà tí mo bèèrè, wọ́n sọ fún mi pé ìwé tí ọmọdé bá fọwọ́ sí láìsí ọwọ́ òbí níbẹ̀ kò lẹ́sẹ̀ nílẹ̀, mo sì gbà bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹgbẹ́ tí ogún ọmọ mìíràn tò sí ẹnu ọ̀nà rẹ̀ kò ní dúró de ẹjọ́ ẹnì kan. Wọ́n ní àwọn ṣì ń gbé e yẹ̀ wò, nígbà tó yá wọ́n mú ọmọ ẹlòmíràn. Ó ṣeé ṣe kí ẹsẹ̀ ọmọ yẹn yá ju ti ọmọ mi lọ. Ohun tí àwọn ọ̀rẹ́ mi sọ láti fi tù mí nínú nìyẹn. Ọmọ náà ti dàgbà báyìí, ó ń ṣe iṣẹ́ ìṣirò owó, ó ń gbá bọ́ọ̀lù pẹ̀lú àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ ní ọjọ́ Sunday, ó sì ní kí n jẹ́ kí ọ̀rọ̀ náà lọ. Èmi kò tíì rí ojú ewé méjì àkọ́kọ́ ìwé yẹn títí di òní.

Ní ti yín, ọ̀rọ̀ Accra ni kí ẹ kọ́kọ́ ta nù. Láti ọdún 2001 ni òfin FIFA ti ká a léèwọ̀ láti mú agbábọ́ọ̀lù tí kò tíì pé ọdún 18 láti ẹgbẹ́ orílẹ̀-èdè kan sí ti òmíràn, àyàfi fún àwọn ìdí díẹ̀, bíi kí òbí rẹ̀ kó lọ síbẹ̀ nítorí ohun tí kì í ṣe bọ́ọ̀lù. Òfin náà ni ì bá ti dá Lamptey dúró ní Èkó. Bí ẹ bá fi orúkọ ọmọ yín sílẹ̀ lọ́dọ̀ ẹgbẹ́ kan ní Gánà, ẹ lè rí i pé ọ̀nà àtipadà sí ẹgbẹ́ kan níbí ti dí títí yóò fi pé ọdún 18. Ní ti ìwé tí ó fẹ́ kí ó fọwọ́ sí, aṣojú gbọ́dọ̀ ní ìwé àṣẹ FIFA, kí ó sì tún ní àṣẹ ọ̀tọ̀ láti bá ọmọdé ṣiṣẹ́, ọmọ ọdún 14 kò sì tíì tó ẹni tí wọ́n ń bá dá irú àdéhùn bẹ́ẹ̀ ní England rárá. Ẹ bèèrè lọ́dọ̀ ẹgbẹ́ tí ọmọ náà wà, wọ́n ní ẹni tó ń mójú tó ààbò àwọn ọmọdé. Bí ọ̀rọ̀ bá dé ibi lọ́yà, ẹlòmíràn ni kí ẹ bi.

Ibi tí mo ti fẹ́ bá ọkọ yín jiyàn kò ju ẹyọ kan lọ. Kí ó yé fi orúkọ Lamptey pa ọ̀rọ̀ dé mọ́ ọmọ náà lẹ́nu. Kí ó jókòó, kí ó sọ ìtàn náà fún un láti Kùmásì dé Èkó dé Coventry, títí kan ilé ẹ̀kọ́ tí ọkùnrin náà wá dá sílẹ̀ ní Accra lẹ́yìn tí ó fi bọ́ọ̀lù sílẹ̀, ní èdè tí ọmọ náà gbọ́.

Bí àlejò yín bá dé ní Sátidé, kí ẹ̀yin méjèèjì wà nílé, kí ọmọ jókòó sáàárín yín, kí ó sì jẹ́ Gẹ̀ẹ́sì ni gbogbo ohun tí ẹ máa jọ sọ, bí ó ti wù kí ìdọ̀bálẹ̀ rẹ̀ gùn tó. Ẹ ya àwòrán gbogbo ojú ewé ìwé náà, tiwájú tẹ̀yìn, kí ó tó dìde. Bí ó bá kọ̀, ẹ kọ orúkọ rẹ̀ àti nọ́ńbà ọkọ̀ rẹ̀ ránṣẹ́ sí mi, nítorí pé èmi ṣì ń wá ẹnì kan.