Doubles àwọn obìnrin ní ìdíje ITF: kí ọmọ yín má kúrò ní pápá

Màmá, ẹ kú àníyàn ọmọ. Ẹ ní ọmọ yín fẹ́ kúrò n'Íbàdàn wá gbá doubles àwọn obìnrin (tẹníìsì ẹni méjì sí ẹni méjì) ní ìdíje W15 ti ITF, àjọ tẹníìsì àgbáyé, l'Ékòó, pé òun kò ní ipò kankan lágbàáyé ṣùgbọ́n ẹnìkejì rẹ̀ ní, ṣé wọ́n lè wọlé?

Wọ́n lè wọlé. Ipò àwọn méjèèjì ni wọ́n máa ń rò pọ̀, èyí tó bá dáa jù lọ́wọ́ ẹnì kọ̀ọ̀kan ni wọ́n sì ń mú, ìbáà jẹ́ ti singles (ẹnì kan sí ẹnì kan) tàbí ti doubles. Àìní ipò ọmọ yín yóò fà wọ́n sẹ́yìn lórí ìwé. Ẹgbẹ́ 16 péré ló sì ń wọ draw, ìyẹn ìwé àwọn tó máa gbá. IPIN (nọ́ńbà ìdánimọ̀ tí ITF ń fún agbá-tẹníìsì) àti ìforúkọsílẹ̀, ẹ ti mọ ìyẹn.

Ibi tó yẹ kí ẹ fi ọkàn sí ni ìwé àwọn tó ń dúró de àyè, torí ibẹ̀ ni wọ́n ti ṣe mí léṣe. Èmi àti ẹnìkejì mi lọ síbi ìdíje kan nílẹ̀ òkèèrè, orúkọ wa ló wà lókè pátápátá lórí ìwé yẹn. A ti dé pápá kí oòrùn tó mú. Kò sí àga, kò sí ibòji, orí àpò rákẹ́ẹ̀tì la jókòó lé. Bí ẹnikẹ́ni bá ti jáde láti ọ́fíìsì, àyà mi á já. Nígbà tó di ọ̀sán, òṣìṣẹ́ kan wá bá wa, ó ní ká lọ jẹun, pé kò sẹ́ni tó máa yọ ara rẹ̀ mọ́ lọ́jọ́ náà. A tún bi í, ó tún un sọ. Ibi tá a ti fẹ́ jẹun kò jìnnà, à ń gbọ́ ìró bọ́ọ̀lù láti ibẹ̀. Oúnjẹ ò tíì dé iwájú wa tí ọmọbìnrin kan tó gbá singles láàárọ̀ fi ní orúnkún ń dun òun, ló bá yọ ara rẹ̀ àti ẹnìkejì rẹ̀. Wọ́n pe orúkọ wa, wọn ò rí wa, wọ́n gbé àyè náà fún àwọn tó tẹ̀ lé wa. A sáré dé, òṣìṣẹ́ yẹn kan náà wò wá lójú, ó ní òun ò sọ bẹ́ẹ̀. Rẹfirí ní ohun tó wà lórí ìwé lòun mọ̀. Owó bàálù, owó hòtẹ́ẹ̀lì, gbogbo rẹ̀ wọgbó, a ò gbá bọ́ọ̀lù kan ṣoṣo. Kò sẹ́ni tó bẹ̀ wá, inú ṣì ń bí mi títí dòní.

Torí náà, ọ̀rọ̀ ẹnu òṣìṣẹ́ kankan kò tó. Rẹfirí fúnra rẹ̀ ni kí wọ́n bi. Kí wọ́n di oúnjẹ lọ́wọ́ lọ. Ẹni tí singles ti tán lókun máa ń já doubles sílẹ̀ lójijì, àyè sì máa ń ṣí nígbà tí ẹnikẹ́ni ò retí. Ipò ló ń to ìwé yẹn, kì í ṣe ẹni tó kọ́kọ́ dé, ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni tàn wọ́n.

Ohun mìíràn tó ń dùn mí ni àwọn kóòṣì tó ń kọ́ ọmọ ní singles nìkan, tí wọ́n á wá tì í wọ doubles. Níbẹ̀, tó bá di 40-40, póìǹtì kan ló ń parí géèmù, àwọn tó ń gba bọ́ọ̀lù ló sì ń yan ẹ̀gbẹ́ tí wọ́n máa ti gbà á. Bí ẹgbẹ́ méjèèjì bá gba sẹ́ẹ̀tì kọ̀ọ̀kan, tie-break, ìyẹn géèmù ìparí tó ń lọ dé póìǹtì mẹ́wàá, ló ń parí rẹ̀, ẹgbẹ́ tó bá kọ́kọ́ dé mẹ́wàá tó sì fi méjì lé èkejì ló ń borí. Kì í ṣe sẹ́ẹ̀tì kẹta bí ẹ ṣe ń wò ó ní Wimbledon. Kí wọ́n fi ìyẹn ṣe ìdánrawò.

Kí ó sì ṣọ́ ọwọ́ rẹ̀. Ní Roland Garros, ìdíje ńlá ilẹ̀ Faransé, lọ́dún 2023, Miyu Kato ará Japan gbá bọ́ọ̀lù sí òdìkejì nígbà tí eré ti dúró, ó ba ọmọbìnrin tó ń ṣa bọ́ọ̀lù. Adájọ́ orí àga kọ́kọ́ kìlọ̀ fún un ni, àmọ́ àwọn tó ń bá wọn gbá ṣàròyé, àwọn ọ̀gá wọlé, wọ́n lé òun àti ẹnìkejì rẹ̀, Aldila Sutjiadi, jáde. Owó àti póìǹtì rẹ̀ nínú doubles obìnrin lọ. Lójú tèmi, ìyà yẹn ti pọ̀ jù, ṣùgbọ́n àwọn tó wà nídìí òfin ò ní rò ó fún ọmọ yín.

Ti owó: 15,000 dọ́là tí wọ́n ń pè ní W15 ni gbogbo ẹ̀bùn pátá, singles àti doubles ló jọ ń pín in. Kò lè san owó ìrìnàjò yín padà. Wild card, ìyẹn àyè tí àwọn olùṣètò lè fún ẹni tí ipò rẹ̀ kò tó, ńkọ́? Ẹ kọ lẹ́tà sí àjọ tẹníìsì Nàìjíríà àti àwọn tó ń ṣètò ìdíje náà kó tó di pé wọ́n to draw, kí ẹ sì pa ẹ̀dà kan mọ́ sọ́wọ́.

Kí wọ́n sùn sí Èkó lálẹ́ ọjọ́ tó ṣáájú. Ẹ má jẹ́ kí wọ́n wọ mọ́tò láàárọ̀ ọjọ́ náà gan-an.